Ààlà Láàárín Ilé Bàbá àti Ilé Ọkọ

Ẹ̀gẹ́ tí yóò fi ṣe gàrí ni Ìbíjọkẹ́ lọ wú lóko láàárọ̀ ọjọ́ náà; kò wá ìjà ẹnikẹ́ni lọ. Bó ṣe gorí ebè kejì ni ìka ẹsẹ̀ rẹ̀ gbá nǹkan líle kan. Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó fọwọ́ ya ewé sẹ́gbẹ̀ẹ́, ó rí òpó símẹ́ǹtì kúkúrú kan tí wọ́n rì mọ́lẹ̀, tí wọ́n kọ lẹ́tà àti nọ́ńbà sí lórí. Nígbà tó gbójú sókè, ó rí òmíràn lọ́ọ̀ọ́kán, ó sì tún rí òmíràn níwájú ìyẹn. Wọ́n tò lọ gbọọrọ láàárín oko, bí ẹni pé ẹni tó rì wọ́n kò rí ẹ̀gẹ́, kò rí ọ̀pẹ, kò sì rí ipa ẹsẹ̀ ènìyàn.

Ọdún 2003 ni. Nígbà náà, kò sí ọmọdé tàbí àgbà ní àwọn abúlé tó wà láàárín Ìkòròdú àti Ẹ̀pẹ́ tí kò mọ ohun tí irú òpó bẹ́ẹ̀ ń sọ. Awọnlẹ̀ ti wá. Ibi tí awọnlẹ̀ bá sì ti wá, ẹnìkan ti ta ilẹ̀ ibẹ̀.

Ó gbé apẹ̀rẹ̀ jù sílẹ̀, ó sáré padà sí Ìgbó-Ọ̀pẹ, abúlé wọn. Abọ́dúnrìn ọkọ rẹ̀ ń pọ́n àdá lábẹ́ igi agbálùmọ̀.

"Bàbá Tóyìn, ẹ dìde o. Wọ́n ti ta oko wa."

"Ta ni wọ́n?"

Ìbíjọkẹ́ ò tíì mọ̀. Nígbà tí yóò fi di ọ̀sán, ó ti mọ̀, ìbá sì sàn fún un kó má mọ̀. Ọláníyọnu ni. Ọláníyọnu àbúrò rẹ̀, ọmọ ìyá àti bàbá kan náà, ẹni tó pọ̀n sẹ́yìn títí ẹsẹ̀ rẹ̀ fi gbilẹ̀.

Àwọn àgbà ní oko kì í jẹ́ ti bàbá tọmọ kó má láàlà. Oko Ọláwuyì, bàbá Ìbíjọkẹ́, àti oko bàbá Abọ́dúnrìn fẹ̀gbẹ́ kan ara wọn ní Ìgbó-Ọ̀pẹ. Ọ̀rẹ́ ni àwọn bàbá méjèèjì, ọ̀rẹ́ yẹn ló sì bí ìgbéyàwó. Láyé wọn, bí ẹyìn ọ̀pẹ ẹnìkan bá já bọ́ sílẹ̀ ẹnìkejì, ẹ̀rín ni wọ́n ń fi rín. Ṣùgbọ́n àwọn méjèèjì ti kú, kò sì sẹ́ni tó tún fẹsẹ̀ tọ ààlà náà mọ́. Ìkòròdú ni Ọláníyọnu ń gbé, ó ń ta ẹ̀yà ara mọ́tò nítòsí ibùdókọ̀ Benson, kò sì fọwọ́ kan ọkọ́ láti ìgbà tó ti jáde ìwé mẹ́fà.

Àwọn òṣìṣẹ́ olówó-oṣù kan wà ní Ìkòròdú tí gbígbé ilé onílé ti sú. Wọ́n dá ẹgbẹ́ sílẹ̀ láti ra ilẹ̀ pọ̀, kí kálukú lè kọ́ ilé tirẹ̀. Ọláníyọnu ta ilẹ̀ bàbá rẹ̀ fún wọn. Ìyẹn nìkan kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí awọnlẹ̀ bi í pé níbo ni ilẹ̀ náà parí sí, ó nawọ́ sí odò. Bẹ́ẹ̀ kí ènìyàn tó dé odò, yóò ti la gbogbo oko Abọ́dúnrìn kọjá.

Wọ́n pe ìpàdé ẹbí. Ọláníyọnu ò wá. Wọ́n tún un pè, ó wá, ó sì ní ibi tí bàbá òun fi han òun lòun tà.

"Ìgbà wo ni wọ́n fi hàn ọ́?" Abọ́dúnrìn bi í. "Kí lo mọ̀ lóko kó o tó fi í sílẹ̀ lọ sígboro?"

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ má bú mi. Bí ọ̀rọ̀ náà bá dùn yín, kóòtù wà ní Ẹ̀pẹ́."

Kóòtù náà ni Abọ́dúnrìn gbà lọ. Ó gba agbẹjọ́rò kan tí wọ́n ń pè ní Láwàl, ọkùnrin tí kì í pariwo, tó sì mọ ẹjọ́ ilẹ̀ bí ẹni mọ ilé rẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí Tóyìn, ọmọ wọn, ka ìwé ìpẹjọ́ náà sétí ìyá rẹ̀, Ìbíjọkẹ́ ní kó tún un kà. Ọkọ rẹ̀ ní ilẹ̀ òun dé ọ̀nà olókùúta. Ọ̀nà olókùúta sì rèé, inú oko Ọláwuyì ló wà.

"Bàbá Tóyìn," ó wí fún un nígbà tó gbé oúnjẹ síwájú rẹ̀, "ṣé ibi tí ẹ ní kí wọ́n kọ yẹn náà ni ààlà?"

Abọ́dúnrìn ò wo ojú rẹ̀. "Ẹni tó fẹ́ gba gbogbo rẹ̀ lọ́wọ́ mi, ṣé ìdajì ni kí n máa bá a fà? Bí wọ́n ṣe ń ṣẹjọ́ nìyẹn."

Láti ọjọ́ náà ni Ìbíjọkẹ́ ti mọ̀ pé òun ò ní ilé kankan tó mọ́ nínú ọ̀rọ̀ yìí.

Ẹjọ́ náà fa bí okùn. Wọ́n á lọ sí Ẹ̀pẹ́, wọ́n á ní adájọ́ ò jókòó. Wọ́n á tún lọ, agbẹjọ́rò Ọláníyọnu á ní ara òun ò yá. Wọ́n á sún un síwájú, wọ́n á tún un sún. Ọláníyọnu á jókòó sápá ọ̀tún, Abọ́dúnrìn á jókòó sápá òsì, Ìbíjọkẹ́ á sì jókòó sẹ́yìn lẹ́bàá ilẹ̀kùn, nítorí kò mọ apá tó yẹ kóun jókòó sí. Ẹ̀gẹ́ ń dàgbà lóko, ó ń wú u, ó ń gbìn ín padà láàárín àwọn òpó símẹ́ǹtì náà.

Ní ọjọ́ Sátidé kan, obìnrin kan tó wọ ṣòkòtò wá bá a lóko. Ó dúró létí ebè, kò tẹ ẹ̀gẹ́ kankan.

"Ẹ kú iṣẹ́ o, mà. Morádéyọ̀ lorúkọ mi. Mo wà lára àwọn tó ra ilẹ̀ yìí. Mi ò wá jà o. Mo kàn fẹ́ fojú rí i ni."

Ìbíjọkẹ́ fún un lómi mu. Morádéyọ̀ jókòó sórí kùkùté ọ̀pẹ, ó ń sọ̀rọ̀ bí ẹni tí kò tíì rí ẹni sọ ọ́ fún. Báǹkì kan ní Erékùṣù Èkó ló ti ń ṣiṣẹ́. Kí wọ́n tó pe ìrun àárọ̀ ló ti ń jáde nílé. Bó bá ń lọ, àwọn ọmọ rẹ̀ ń sùn. Bó bá dé, wọ́n ti sùn. Onílé rẹ̀ sì ti lé e kúrò nílé lẹ́ẹ̀mejì.

"Mo fẹ́ ibi tí ẹnikẹ́ni ò ti ní lè sọ fún mi pé kí n kó ẹrù mi," ó wí. "Ìyẹn nìkan náà ni, mà."

Ìbíjọkẹ́ fẹ́ kórìíra rẹ̀, kò rí i ṣe.

"Ìyáàfin, ẹni tó tà á fún yín, àbúrò mi ni. Ẹni tó pè é lẹ́jọ́, ọkọ mi ni. Èmi tí mò ń ro ó, ẹnikẹ́ni ò bi mí léèrè nǹkan kan."

Kò pẹ́ lẹ́yìn náà ni wọ́n bi í. Lọ́yà Láwàl gbọ́ pé Ìbíjọkẹ́ wà níbẹ̀ lọ́mọdé nígbà tí àwọn bàbá méjèèjì la ààlà, inú rẹ̀ sì dùn bí ẹni rí owó he. Ìyàwó olùpẹjọ́, ọmọ ìyá olùjẹ́jọ́! Ẹlẹ́rìí wo ló tún ju ìyẹn lọ? Wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ sínú ìwé. Ọ̀sẹ̀ tí yóò jẹ́rìí ni ìyá rẹ̀ ránṣẹ́ pè é.

Ọ̀dọ̀ Ọláníyọnu ni ìyá náà ń gbé ní Ìkòròdú. Nígbà tí Ìbíjọkẹ́ dé, Ọláníyọnu ti jáde. Ó dájú pé wọ́n ní kó jáde ni. Ìyá arúgbó náà jókòó sórí ẹní, ó na ẹsẹ̀ méjèèjì síwájú.

"Ìbíjọkẹ́, jókòó. Wọ́n ní o fẹ́ lọ sọ̀rọ̀ ní kóòtù."

"Bẹ́ẹ̀ ni, ìyá mi."

"Kí lo fẹ́ sọ?"

"Ohun tí mo mọ̀."

Ìyá náà mí kanlẹ̀. "Ọláníyọnu ti gba owó àwọn ènìyàn yẹn, ó sì ti ná an. Ọjà ló fi rà, ó sì fi kọ́ ilé yìí tí mo jókòó sí. Bó o bá ní ilẹ̀ náà ò dé odò, àtìmọ́lé ni yóò sùn. Ọkùnrin kan ṣoṣo tí mo bí nìyẹn. Sọ pé ó dé odò. Kí ló ná ọ?"

"Ìyá mi, Kùránì ni wọ́n máa gbé lé mi lọ́wọ́."

"Ọlọ́run mọ̀ pé ìyá ẹ ló rán ẹ."

Ìbíjọkẹ́ kúnlẹ̀, ó di ẹsẹ̀ ìyá rẹ̀ mú. Kò ṣèlérí, kò sì kọ̀. Nígbà tó ń jáde lọ, ìyá náà sọ̀rọ̀ kan tẹ̀ lé e lẹ́yìn, ọ̀rọ̀ tó dùn ún ju ègún lọ: "Ilé ọkọ kì í ṣe ilé ẹni, Ìbíjọkẹ́. Ọjọ́ tí wọ́n bá lé ọ, ọ̀dọ̀ ta ni wàá sá wá?"

Lọ́jọ́ ìjẹ́rìí, òjò rọ̀ sórí páànù kóòtù débi pé adájọ́ ní kí wọ́n dúró díẹ̀. Nígbà tó dá, wọ́n mú Ìbíjọkẹ́ wọ inú àpótí ẹlẹ́rìí. Ó búra. Yorùbá ló ń sọ, akọ̀wé kóòtù ń túmọ̀ rẹ̀ sí òyìnbó, adájọ́ ń fọwọ́ ara rẹ̀ kọ ọ́ sílẹ̀, gbogbo ọ̀rọ̀ sì ń lọ díẹ̀díẹ̀ bí ẹni ń yọ ẹ̀gún kúrò lára.

"Ìyá," Lọ́yà Láwàl bẹ̀rẹ̀, "ẹ sọ fún kóòtù ohun tó jẹ́ ààlà láàárín oko méjèèjì."

"Ìlà pèrègún ni, sà. Bàbá mi gbin ọ̀kan, bàbá ọkọ mi gbin ọ̀kan tẹ̀ lé e. Bí wọ́n ṣe gbìn ín títí wọ́n fi parí nìyẹn. Èmi ni mò ń pọn omi tí wọ́n fi ń rin ín."

"Ṣé ẹ̀bá odò ni pèrègún náà wà?"

Ìbíjọkẹ́ rí Ọláníyọnu. Ọwọ́ rẹ̀ wà lẹ́nu, bó ṣe máa ń ṣe nígbà tó wà ní kékeré tí ẹ̀rù bá ń bà á.

"Rárá, sà. Kò dé odò. Odò jìnnà sí i."

Láwàl rẹ́rìn-ín músẹ́. Ìbéèrè tó kù, òun náà rò pé òun ti mọ ìdáhùn rẹ̀.

"Ẹ̀bá ọ̀nà olókùúta ló wà nígbà náà."

"Rárá, sà. Kò sí níbẹ̀ náà."

Láwàl tún gíláàsì ojú rẹ̀ ṣe. "Ìyá, ẹ fara balẹ̀, ẹ rántí dáadáa."

"Mo rántí, sà. Àárín ibi méjèèjì ló wà. Igbó ti bò ó ni. Àbúrò mi ti kọjá tirẹ̀." Ohùn rẹ̀ wọlẹ̀. "Ọkọ mi náà ti kọjá tirẹ̀."

Ní ọ̀sẹ̀ kẹta, adájọ́ fúnra rẹ̀ wá sóko pẹ̀lú bàtà òjò lẹ́sẹ̀. Wọ́n ṣán igbó, pèrègún sì wà níbẹ̀ lóòótọ́, wọ́n ga, wọ́n ti ya ẹ̀ka. Ẹnikẹ́ni ò kí Ìbíjọkẹ́.

Abọ́dúnrìn ò lù ú, kò sì bú u. Ó kàn dẹ́kun jíjẹ oúnjẹ rẹ̀ ni. Bí Ìbíjọkẹ́ bá sè é tó bò ó, á bá a bẹ́ẹ̀ lọ́jọ́ kejì, ìyàwó àbúrò Abọ́dúnrìn níkejì ilé ló sì ń bu oúnjẹ fún un. Gbogbo abúlé rí i. Ní ti Ọláníyọnu, ó pè é lórí fóònù Tóyìn, gbólóhùn kan ló sọ: "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ̀yin lẹ tà mí." Nígbà tí Ìbíjọkẹ́ lọ kí ìyá wọn fún Iléyá, ìyá náà yíjú sí ògiri.

Ó máa ń rò ó nígbà tó bá ń yan gàrí: ká ní òun parọ́ fún ẹnìkan, ẹnìkan ìbá ṣẹ́ kù fún òun. Òtítọ́ tó sọ kò fi ẹnì kankan sílẹ̀ fún un.

Ṣùgbọ́n adájọ́ ò gbé ẹjọ́ ilẹ̀ lé orí pèrègún nìkan. Ó ní kí ọ́fíìsì ìjọba tó ń tọ́jú àkọsílẹ̀ ilẹ̀ gbé àwòrán ilẹ̀ tí olúkúlùkù mú wá lé orí máàpù ìjọba, kí wọ́n wo ibi tó bọ́ sí. Oṣù lé oṣù kọjá. Ìgbà tí èsì dé, agbẹjọ́rò ìjọba ló gbé e wá, ọmọbìnrin kan tí ohùn rẹ̀ tutù bí omi àmù. Ó tẹ́ máàpù náà sórí tábìlì. Ìlà pupa kan yí gbogbo Ìgbó-Ọ̀pẹ ká, ó yí oko Ọláwuyì ká, ó yí oko Abọ́dúnrìn ká, ó yí odò àti ọ̀nà olókùúta ká.

Ó ní láyé ìjọba sójà ni ìjọba ti gbẹ́sẹ̀ lé ilẹ̀ náà fún oko ńlá kan. Wọn ò dá oko náà sílẹ̀ títí dòní, ṣùgbọ́n ìjọba ò yọ ẹsẹ̀ kúrò lórí ilẹ̀. Wọ́n ti kéde rẹ̀ nígbà náà nínú gásẹ́ẹ̀tì, ìwé tí ìjọba fi ń kéde òfin, ẹnikẹ́ni ò sì jáde láti ta kò ó.

Abọ́dúnrìn dìde kí ẹnikẹ́ni tó ní kó dìde. "Ẹ jọ̀ọ́, níbo ni gásẹ́ẹ̀tì yìí ń gbé tí kò lè rìn dé abúlé wa? A wà níbẹ̀! Bàbá mi wà níbẹ̀, ó ń roko!"

"Ẹ jókòó, bàbá," adájọ́ wí. Kò fi ìbínú sọ ọ́, ìyẹn gan-an ló sì fi hàn pé ọ̀rọ̀ ti bọ́.

Ní ọdún 2007, adájọ́ ka ìdájọ́ rẹ̀. Ó ní òun gba ẹ̀rí obìnrin náà gbọ́, pé bó bá jẹ́ ti ààlà nìkan ni, pèrègún ni òun ìbá tẹ̀ lé. Ṣùgbọ́n ẹni tí kò ni ilẹ̀ kò lè gba ilẹ̀ ní kóòtù. Abọ́dúnrìn ò ni ín, Ọláníyọnu ò ni ín. Ó da ẹjọ́ náà nù. Ọ̀nà kan tó kù ni kí àwọn ará abúlé kọ̀wé sí ìjọba, kí wọ́n bẹ̀bẹ̀ pé kó yọ̀ǹda díẹ̀ padà fún wọn. Ohùn gbogbo ẹbí tó wà níbẹ̀ sì gbọ́dọ̀ ṣọ̀kan.

Níta, Ọláníyọnu lóṣòó sí ẹ̀gbẹ́ ògiri, ó ká ọwọ́ lérí. Àwọn tó ra ilẹ̀ yí i ká, wọ́n ń pariwo. Morádéyọ̀ nìkan ni kò pariwo. Ó kàn ń wò ó. Ọjọ́ kejì ni wọ́n fi ọlọ́pàá mú Ọláníyọnu.

Ìyá wọn ló wá sí Ìgbó-Ọ̀pẹ. Kò tíì fẹsẹ̀ kan abúlé náà láti ìgbà tí ẹjọ́ ti bẹ̀rẹ̀. Ó sọ̀ kalẹ̀ lórí ọ̀kadà, ó di ọ̀pá rẹ̀ mú, ó sì lọ tààrà bá Abọ́dúnrìn níbi tó jókòó sí. Ìbíjọkẹ́ sáré jáde láti ẹ̀yìnkùlé. Kí ó tó mọ ohun tó fẹ́ ṣẹlẹ̀, ìyá náà ti ju ọ̀pá sílẹ̀, ó ti ń tẹ orúnkún.

"Ìyá, ẹ má ṣe é!" Kí orúnkún rẹ̀ tó kanlẹ̀, Abọ́dúnrìn ti na tantan sínú erùpẹ̀ níwájú rẹ̀. "Ẹ dìde! Ẹ fẹ́ kí ayé mi bàjẹ́ ni? Ìyá ìyàwó ẹni kì í kúnlẹ̀ fún ni!"

"Nígbà náà, lọ bá mi gbà á sílẹ̀," ìyá náà wí, omi ń bọ́ lójú rẹ̀. "Wọ́n ní kí onílé tó gbajúmọ̀ wá dúró fún un. Ta ni mo ní?"

Ó wo Ìbíjọkẹ́. Ó tún wo ilẹ̀. "Ọmọ mi náà, mo ti ṣẹ̀ ọ́."

Abọ́dúnrìn wọ ẹ̀wù, ó jáde. Ìbíjọkẹ́ tẹ̀ lé e. Ní àgọ́ ọlọ́pàá, sájẹ́ǹtì ń wo ìwé, ó ń wo Abọ́dúnrìn.

"Ẹ̀yin àti òun lẹ jọ ń ṣẹjọ́, àbí? Kí ló wá jẹ́ sí yín?"

Abọ́dúnrìn yíjú wo Ìbíjọkẹ́. "Àbúrò ìyàwó mi ni."

"Bó bá sá lọ ńkọ́?"

"Kò níbi tó máa sá lọ. Ibi tó yẹ kó sá wá, ó ti tà á."

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà ni Abọ́dúnrìn ṣí abọ́ tí Ìbíjọkẹ́ bò sílẹ̀ fún un. Ó jẹun, ó fọwọ́. Ìbíjọkẹ́ kó abọ́ lọ fọ̀.

Àwọn ọkùnrin méjèèjì jọ fọwọ́ sí ìwé ẹ̀bẹ̀ náà, wọ́n sì jọ ń gbé e lọ láti ọ́fíìsì dé ọ́fíìsì. Ọláníyọnu ta ìsọ̀ rẹ̀, ó ta ilé náà, ó ń san owó àwọn ènìyàn padà ní ṣísẹ̀-ń-tẹ̀lé. Morádéyọ̀ gba ìwọ̀nba tí wọ́n lè fún un, ó sì tún háyà ilé mìíràn lọ́nà Ìbẹ̀ṣẹ̀. Ìyá wọn kó wá sí Ìgbó-Ọ̀pẹ, yàrá ẹ̀yìn ni Abọ́dúnrìn fún un.

Ọdún 2009 ni èsì dé. Ìjọba yọ̀ǹda ibi tí ilé wà àti ilẹ̀ ìsìnkú. Kò yọ̀ǹda oko. Wọ́n fún wọn ní àsìkò díẹ̀ láti kó ohun ọ̀gbìn wọn.

Ẹ̀gẹ́ náà ò tíì gbó. Wọ́n wú u bẹ́ẹ̀, Abọ́dúnrìn níwájú, Ìbíjọkẹ́ tẹ̀ lé e, Ọláníyọnu lẹ́yìn, àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ ti lé ròrò. Gbòǹgbò rẹ̀ tín-ín-rín bí ìka ọmọdé, omi ló kún inú rẹ̀. Nígbà kan Ọláníyọnu dúró, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ forí jì mí." Àwọn méjèèjì ló ń pè bẹ́ẹ̀, kò sì sẹ́ni tó mọ èyí tó ń bá wí nínú wọn. Abọ́dúnrìn ní kó fa èyí tó wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀ dáadáa, kó má jẹ́ kó kán sínú ilẹ̀.

Láàárọ̀ ọjọ́ tí katapílà ìjọba dé, Ìbíjọkẹ́ ò dúró wò ó. Ó wọ ọkọ̀ lọ sí Ẹ̀pẹ́, ó wọ Ọjà Olúwo, ó ń rìn láàárín àwọn obìnrin tó ń to ẹja sórí ààrò, títí tó fi rí ìyá àgbàlagbà kan tí èéfín ti mú kí ojú rẹ̀ pọ́n, tó ń fẹ́ iná nìkan.

"Ẹ kú iṣẹ́ o, mà. Ṣé ẹ ń wá ẹni tí yóò máa bá yín yan ẹja?"

Obìnrin náà wò ó láti orí dé ẹsẹ̀, ó wo ọwọ́ rẹ̀. "Ṣé o mọ̀ ọ́n yan?"

"Rárá, mà. Agbẹ̀ ni mí."

"Oko ẹ dà?"

Ìbíjọkẹ́ ká aṣọ rẹ̀ mọ́ra, ó lóṣòó sí ẹ̀gbẹ́ ààrò náà.

"Ẹ kọ́ mi, mà," ó wí.